Òṣèré Tí Kì í Fi Ojú Han Kámẹ́rà

Gbádé, mo mọ iṣẹ́ tí ìyá wa rán ọ wá jẹ́ ní Mínà. Jókòó ná. Gbọ́ tẹnu mi kí o tó jẹ́ iṣẹ́ náà. Ìbàdàn ni o wà nígbà tí gbogbo rẹ̀ ṣẹlẹ̀, o ń kọ́ṣẹ́ tíṣà. Ohun tí wọ́n ń rò fún ọ ní Ọ̀fà, etí ni wọ́n fi gbọ́ ọ. Ojú ni èmi fi rí i.

Òyìnbó kan ni, fíìmù ṣíṣe ni iṣẹ́ rẹ̀, ṣùgbọ́n kì í jẹ́ kí kámẹ́rà rí ojú òun. Ibẹ̀ gan-an ni ọ̀rọ̀ ti bẹ̀rẹ̀.

Ọdún tó tẹ̀lé ọdún òmìnira ni, ọyẹ́ ń fẹ́. Àwọn òyìnbó kan wá sí Ọ̀fà láti ya fíìmù nípa àwọn tó kọ́kọ́ la ojú irin kọjá nílẹ̀ wa. Rẹ́sìháùsì kò gba gbogbo wọn, ni bàbá wa bá fi yàrá iwájú lókè pẹ̀tẹ́ẹ̀sì háyà fún ọ̀kan nínú wọn. Èmi náà rí iṣẹ́ níbẹ̀. Wọ́n ní kí n máa rán aṣọ tí àwọn òṣèré yóò wọ̀, kí n sì máa lọ̀ ọ́. O rántí pé ilé wa ni mo padà sí lẹ́yìn ikú Olúṣẹ̀yẹ ọkọ mi, tí mo gbé ẹ̀rọ ìránṣọ mi kalẹ̀ sí ọ̀dẹ̀dẹ̀ nísàlẹ̀.

Vinko ni orúkọ ẹni tó wà lókè. Ilẹ̀ Kroatia ló ti wá, apá kan Yugosláfíà. Ó tó ẹni ogójì ọdún, ó rí pẹ́lẹ́ńgẹ́, ohùn rẹ̀ kì í lọ sókè. Gẹ̀ẹ́sì rẹ̀ kò dán ju tèmi lọ, ìdí nìyẹn tí a fi ń gbọ́ ara wa yé. Lọ́jọ́ àkọ́kọ́, ó gbé ṣẹ́ẹ̀tì tí wọ́n fún un sọ̀kalẹ̀ wá, ó ní kí n gbé kọ́là rẹ̀ ga sí i kó lè bo àgbọ̀n òun. Ó tún mú akẹtẹ̀ kan lọ́wọ́, ó ní kí n fẹ etí rẹ̀ lójú.

"Ṣé oòrùn ń yọ yín lẹ́nu ni?" mo bi í.

"Kámẹ́rà ni," ó fèsì.

Mo rò pé àwàdà ni. Nígbà tí mo bá wọn lọ sẹ́bàá ojú irin, mo rí i pé kì í ṣe àwàdà. Àwọn òṣèré tó kù ń fi èjìká ti ara wọn kí kámẹ́rà lè rí wọn. Òun, bí wọ́n bá ti kọ ẹnu kámẹ́rà sí i, yóò yí ẹ̀yìn padà wẹ́rẹ́, bí ẹni tí wọ́n pè láti ọ̀nà ẹ̀yìn. Ọ̀gá tó ń darí fíìmù náà kì í bá a wí. Ó dà bíi pé ohun tí wọ́n tìtorí ẹ̀ gbà á síṣẹ́ nìyẹn.

Nírọ̀lẹ́ ọjọ́ kan, ó jókòó sórí àpótí lẹ́gbẹ̀ẹ́ mi, ó ń sọ ìtàn iṣẹ́ rẹ̀. Kété lẹ́yìn ogun Hitler ló ti wà lẹ́nu iṣẹ́ fíìmù. Wọ́n ń ya fíìmù ogun lọ́tùn-ún lósì nílẹ̀ wọn, wọ́n ń wá ẹni tó lè ṣubú bí ẹni tí ìbọn bà, kò sì sí ẹni tó mọ̀ ọ́n ṣubú tó o. Ó ti jẹ́ sójà Jámánì tó kú sínú odò. Ó ti jẹ́ àlùfáà tó kọ ẹ̀yìn sí èrò, tó ń sin òkú. Ó ti jẹ́ ẹlẹ́ṣin tí ẹṣin dà nù nílẹ̀ Ítálì, ó sì ti jẹ́ òkú abẹ́ aṣọ funfun nínú fíìmù kan tí gbogbo ará ilẹ̀ wọn wò. Kò sí àwòrán rẹ̀ lára ògiri kankan. Bí wọ́n bá fẹ́ kọ orúkọ rẹ̀ sí ìparí fíìmù, yóò bẹ̀ wọ́n kí wọ́n má kọ ọ́. Ọ̀gá ńlá kan nílùú Zagreb fẹ́ sọ ọ́ di olórí òṣèré nígbà kan. Ó sá kúrò nílùú.

"Ẹ̀yìn orí mi lókìkí gan-an," ó wí. Ó rẹ́rìn-ín díẹ̀.

Ohun tó ń kọ mí lóminú ni aṣọ rẹ̀. O mọ ọyẹ́ Ọ̀fà: aṣọ tí o sá láàárọ̀ á ti gbẹ táútáú kó tó di ọ̀sán. Gbogbo aṣọ àwọn òyìnbó yòókù ń gbẹ. Ti Vinko kì í gbẹ. Bí mo bá gbé áyọ́ọ̀nù eléèédú lé e, yóò dún ṣàà, ooru omi yóò gòkè, òórùn tó sì ń bá a jáde ni òórùn ilẹ̀ tí wọ́n ṣẹ̀ṣẹ̀ gbẹ́ lẹ́yìn òjò. Nínú ọyẹ́.

Ìyá wa gbọ́ òórùn náà. Ó wá dúró lẹ́yìn mi, ó fọwọ́ kan ṣẹ́ẹ̀tì tó wà lórí tábìlì, ó sì tètè fa ọwọ́ rẹ̀ padà.

"Àdìkẹ́," ó sọ ọ́ jẹ́ẹ́jẹ́ẹ́, "ọkùnrin yìí kì í ṣe ẹni ayé. Àkúdàáyà ni."

O mọ ohun tí àwọn àgbà ń sọ: ẹni tí ọjọ́ rẹ̀ kò pé, tó kú, tí wọ́n sin ín, tó wá dìde lọ sí ìlú tí wọn kò ti mọ̀ ọ́n, tó ń ṣiṣẹ́, tó ń jẹ, tó ń mu. Yóò máa gbé ibẹ̀ títí di ọjọ́ tí ará ilé rẹ̀ kan bá já lù ú. Bí wọ́n bá ti ṣe ojú ní mẹ́rin, ó parí nìyẹn. Wọn kò ní rí i mọ́.

"Ìdí tí kì í fi fi ojú hàn nìyẹn," ni ìyá wa wí. "Dá aṣọ rẹ̀ padà fún un. Opó ni ọ́. Má sún mọ́ irú wọn."

"Màámi, òkú kò tíì ṣe mí ní nǹkan kan. Alààyè ló ń dà mí láàmú."

Ó mọ ẹni tí mò ń bá wí. Láńrewájú, àbúrò ọkọ mi, tún ti kó àwọn àgbà ilé wọn wá lọ́sẹ̀ yẹn pé kí n wá di ìyàwó òun, pé àṣà ni. Mo kọ̀. Wọ́n ní bí n kò bá gbà, inú Olúṣẹ̀yẹ kò ní dùn, yóò wá bá mi. Wọn kò mọ̀ pé ohun tí mò ń gbàdúrà fún nìyẹn. Ibà ló pa á, kò ju ọjọ́ mélòó kan lọ tó fi dùbúlẹ̀. Ìwọ náà wá láti Ìbàdàn, o rí i nígbà tí wọ́n ń kó yẹ̀pẹ̀ bò ó. Láti ọjọ́ náà, n kì í ti ilẹ̀kùn yàrá mi. Kò wá. Mo fi etí sílẹ̀ títí, kò wá.

Lọ́sàn-án ọjọ́ kejì, mo gbé aṣọ gòkè fún Vinko, mo sì bi í ní tààrà.

"Ẹ jọ̀ọ́, ṣé ẹ ti kú rí ni?"

Kò bínú. Ó pa fèrèsé dé, ó jókòó sétí bẹ́ẹ̀dì, ó ń wo ọwọ́ ara rẹ̀.

"Mi ò mọ̀," ó wí.

Ó ní nígbà ogun, àwọn sójà wọ abúlé àwọn, wọ́n kó àwọn ọkùnrin jọ sára ògiri ṣọ́ọ̀ṣì. Òun àti Mate, ọ̀rẹ́ òun tí wọ́n jọ dàgbà, di ara wọn lọ́wọ́ mú. Ó gbọ́ ìró ìbọn. Ohun tó tún mọ̀ lẹ́yìn náà ni pé òun ń rìn lójú ọ̀nà kan tó jìnnà réré sílé, yẹ̀pẹ̀ sì wà lẹ́nu òun. Kò padà sílé mọ́. Nígbà tó pẹ́, ó gbọ́ lẹ́nu èrò ọ̀nà pé ìyá òun ti gbé òkúta ka ibojì kan, orúkọ òun ló wà lára rẹ̀.

"Bí ẹnikẹ́ni láti ọ̀dọ̀ wa bá rí ojú mi, yóò sọ òtítọ́ fún mi," ó wí. "Mi ò fẹ́ gbọ́ ọ. Ìdí tí mo fi ń yí ẹ̀yìn padà nìyẹn."

"A ní orúkọ fún un lọ́dọ̀ wa," ni mo wí, mo sì pe ọ̀rọ̀ náà fún un.

Ó gbìyànjú láti pè é. Ó tún un pè. Omi lé ròrò sójú rẹ̀.

"Ó ní orúkọ," ó wí. "Mo rò pé èmi nìkan ni."

Kò pẹ́ sígbà náà ni ibà dá ẹni tó ń yí kámẹ́rà dùbúlẹ̀. Ọ̀gá wọn ní wọn yóò fi ẹlòmíràn ránṣẹ́ láti Èkó, pé rélùwéè ọ̀sán ọ̀la ni yóò gbé e wá. Inú rẹ̀ dùn, ó gbá Vinko léjìká. "Ará ilẹ̀ yín ni," ó wí. "Wàá rí ẹni bá sọ̀rọ̀."

Nígbà tí Vinko padà dé ilé, kò kí ẹnikẹ́ni. Mo gbọ́ tó ń fa àpótí lórí pákó lókè. Ìyá wa di apá mi mú pé kí n jẹ́ kó máa lọ, mo já apá mi gbà. Mo lọ dúró lẹ́nu àtẹ̀gùn.

"Níbo lẹ tún ń lọ?"

"Kánò. Ibi tí rélùwéè bá dé."

"Lẹ́yìn Kánò ńkọ́?"

Ó sọ àpótí rẹ̀ kalẹ̀ lórí àtẹ̀gùn.

"Ta ló ṣe òfin yìí?" ni mo wí. Inú ń bí mi. "Wọ́n ní bí wọ́n bá ti rí yín, ẹ gbọ́dọ̀ lọ. Ta ló ti dúró rí kó wo ohun tí yóò ṣẹlẹ̀? Gbogbo yín lẹ máa ń sá! Wọ́n ní dandan ni kí n fẹ́ Láńrewájú, mo dúró, mo kọ̀, ilẹ̀ kò lanu gbé mi mì. Ẹ̀yin náà, ẹ dúró. Bí ẹ bá máa pòórá, ẹ pòórá lórí ìdúró."

Ó jókòó lórí àpótí náà, ó ṣí akẹtẹ̀ kúrò lórí, ó sì nà án sí mi.

"Bá mi gé etí rẹ̀ kúrò," ó wí.

Lọ́jọ́ kejì, ìdajì Ọ̀fà ló wà ní ibùdókọ̀ rélùwéè, torí ìyá wa kò lè pa ẹnu mọ́. Àwọn kan gun orí àpò iṣu kí wọ́n lè ríran dáadáa. Vinko dúró ní gbangba láìdé nǹkan kan, oòrùn ń pa á lójú. Mo dúró tì í. Nígbà tí rélùwéè wọlé, èéfín bo gbogbo wa. Ó ká kúrò, òyìnbó kan sì wà níwájú wa nínú kóòtù dúdú tó nípọn, irú èyí tí wọ́n ń wọ̀ nílẹ̀ òtútù. Kò làágùn.

Ó rí Vinko. Báàgì ọwọ́ rẹ̀ bọ́ sílẹ̀.

Èdè tiwọn ni wọ́n sọ, Vinko ló túmọ̀ rẹ̀ fún mi lẹ́yìn náà. Mate ni, Mate tó dì lọ́wọ́ mú lára ògiri. Ohun tó wí ni pé, "Vinko, èmi fúnra mi ni mo sin ọ́."

Mo gbọ́ tí ìyá wa ń ka Sáàmù lábẹ́ ẹnu. Gbogbo wa ń retí pé ibi tí Vinko dúró sí yóò ṣófo. Mo di ọwọ́ rẹ̀ mú, ọwọ́ náà tutù bí ara àmù.

"Mo gbọ́," ni Vinko wí. "Mi ò lọ síbì kankan."

A dúró. Ewé gbígbẹ kan ń yí kiri nílẹ̀. Rélùwéè fọn fèrè, ó gbéra, ó lọ, Vinko ṣì wà níbẹ̀. Mate rìn wá, ó fọwọ́ kan ojú rẹ̀ bí afọ́jú ṣe ń ṣe, àwọn méjèèjì sì bú sẹ́kún.

Nírọ̀lẹ́ ọjọ́ náà, Vinko lọ bá ọ̀gá wọn pé kí wọ́n ya ojú òun. Ẹnu ya ọkùnrin náà, àmọ́ ó gbà. Mate ló dúró lẹ́yìn kámẹ́rà. Bí wọ́n ṣe kọ eré náà, ibà ni yóò pa Vinko lẹ́bàá ojú irin, yóò ṣubú bí ìṣe rẹ̀. Kò ṣubú. Ó kọjú sí kámẹ́rà, ó dúró ṣánṣán, ó dárúkọ ara rẹ̀, ó dárúkọ bàbá rẹ̀ àti abúlé rẹ̀.

"Ìyẹn kò sí nínú eré!" ni ọ̀gá wọn kígbe.

"Ó ti wà níbẹ̀ báyìí," ni Vinko fèsì.

Bí ó bá parí síbẹ̀ ni, Gbádé, n kì bá tí wà ní Mínà lónìí.

Lọ́sàn-án ọjọ́ kejì, Mate wá sí ọ̀dẹ̀dẹ̀ wa, ó ní apá kóòtù òun ti ya. Mo gbà á lọ́wọ́ rẹ̀. Ó tutù rinrin. Mo rán an, mo gbé áyọ́ọ̀nù lé e, ó dún ṣàà, òórùn ilẹ̀ tútù kún gbogbo ọ̀dẹ̀dẹ̀. Mo gbójú sókè, mo rí i pé ó ń wò mí.

Ibẹ̀ la wà tí Vinko fi sáré dé. Ó dúró lẹ́nu ọ̀nà, ó ń mí gúlegúle.

"Ayàwòrán tí wọ́n rán láti Èkó ṣẹ̀ṣẹ̀ sọ̀kalẹ̀ nínú rélùwéè," ó sọ fún mi. "Ó ní òun pẹ́ ní Èkó. Ó ní wọn kò rán ẹnikẹ́ni ṣáájú òun."

Ó wá bá mi sọ ọ́ kẹ́lẹ́kẹ́lẹ́ pé òun ti rántí, pé ọ̀rọ̀ Mate ní ibùdókọ̀ ló ṣí òun níyè. Òun ló jí lábẹ́ òkú. Òun ló pa ojú Mate dé, tó sì fi ọwọ́ ara rẹ̀ wa yẹ̀pẹ̀ bò ó.

Ìyá wa ti wà lẹ́nu ilẹ̀kùn. "Sọ fún un pé òkú ni," ó wí fún mi. "Sọ ọ́ lójú rẹ̀, kó lè lọ."

Mo túmọ̀ rẹ̀ fún Vinko. Ó mi orí. "Kò sẹ́ni tó máa bá mi lé ọ̀rẹ́ mi."

Mate fúnra rẹ̀ ló dìde. Gẹ̀ẹ́sì ló fi sọ̀rọ̀, kí èmi náà lè gbọ́. Ó ní òun ti ń wá Vinko kiri láti fíìmù dé fíìmù. Kò sí ojú rẹ̀ nínú ọ̀kankan, àmọ́ ẹ̀yìn Vinko lòun ń jókòó sí nílé ìwé, òun mọ ẹ̀yìn orí yẹn ju bí òun ṣe mọ ojú ara òun lọ.

"Mo fẹ́ mọ̀ bóyá ó máa sá fún mi," ó wí.

"Èwo nínú ẹ̀yin méjèèjì ló wá kú?" mo béèrè.

"Ó ní òun ló sin mí. Èmi náà ní èmi ni mo sin ín. Kò sí ẹni tó purọ́ nínú wa." Ó wọ kóòtù rẹ̀. "Ẹ má da ara yín láàmú. A pọ̀. Nínú rélùwéè la pọ̀ sí jù. Ibẹ̀ ni wọn kì í ti í bi èèyàn pé ọmọ ibo ni."

Mo bọ́ síwájú Mate kó tó jáde.

"Ẹ jọ̀ọ́. Lójú irin yìí, ǹjẹ́ ẹ ti bá ọkùnrin Ọ̀fà kan pàdé? Káfíńtà ni. Olúṣẹ̀yẹ ni orúkọ rẹ̀. Ọwọ́ òsì ló fi ń ṣiṣẹ́, ó sì máa ń kó ìṣó sẹ́nu bó bá ń kàn án."

Ó de bọ́tìnì kóòtù rẹ̀. "Ọkùnrin kan wà ní Mínà, lẹ́yìn ibùdókọ̀. Ọwọ́ òsì ló fi ń ṣiṣẹ́. Bí wọ́n bá bi í ní ìlú rẹ̀, yóò ní òun kò ní ìlú. Ó ń bẹ̀rù pé obìnrin kan máa rí òun."

"Obìnrin wo?"

"Ìwọ ni, bí mo ṣe ń wò ọ́ yìí."

Vinko sìn ín dé ibùdókọ̀. Wọ́n di ara wọn lọ́wọ́ mú títí rélùwéè fi gbéra. Nígbà tí iṣẹ́ wọn parí, Vinko náà lọ. Ọ̀gá wọn gba Mínà kọjá lọ sí Kàdúná lọ́dún tó kọjá, òun ló sọ ìyókù fún mi. Ó ní Vinko padà sí abúlé wọn. Ìyá rẹ̀ ṣílẹ̀kùn, ó rí i, ó lọ gbé ọbẹ̀ kaná. Kò dárúkọ òkúta kankan. Vinko ṣì ń ṣe fíìmù. Kò lókìkí, ipa kéékèèké náà ni wọ́n ń fún un, àmọ́ ó ń fi ojú hàn, ó sì ti kọ̀ láti máa kú.

Èmi ra tíkẹ́ẹ̀tì Mínà. Ìyá wa wólẹ̀, ó di ìró mi mú. Ó ní bí Olúṣẹ̀yẹ bá ti fojú kàn mí, mo tún ti pa á lẹ́ẹ̀kejì. Mo ní a ó wò ó.

Mo bá a lábẹ́ igi máńgòrò kan, ó ń la pákó. Ó gbójú sókè. Pákó já lọ́wọ́ rẹ̀, ó sì wo ọ̀nà ẹ̀yìnkùlé. Mo mọ ohun tó fẹ́ ṣe. "Má sá," ni mo wí. Kò sá. Ọdún kẹfà wa rèé nínú ilé yìí. N kò bi í ní nǹkan kan, òun náà kò sì sọ. Aṣọ rẹ̀ kì í gbẹ bọ̀rọ̀. Mo ti mọ bí a ṣe ń lọ̀ ọ́.

Wọ́n rán ọ pé kí o mú mi bọ̀ wálé, kí o sì sọ fún ọkùnrin tí mò ń bá gbé pé wọ́n ti sin ín. Ìró ayùn tó ń dún lẹ́yìn ilé látàárọ̀ ti dákẹ́, ó ń fọwọ́ láti wọlé wá jẹun. Mi ò ní ti ilẹ̀kùn mọ́ ọn, mi ò sì ní bẹ̀ ọ́. Bó bá wọlé, kí i pé ẹ kú iṣẹ́. Ọ̀rọ̀ yòówù tó bá ṣẹ́ kù sí ọ lẹ́nu, bá oúnjẹ gbé e mì.

Òun ló ń bọ̀ yẹn. Dìde.